Ẹyin Ìgbín: Bí A Ti Ń Tọ́jú Rẹ̀ Nínú Ilé Títí Yóò Fi Di Ọmọ

Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ bá rọ̀ ní ilẹ̀ Yàgbà, ní nǹkan bí oṣù kẹta sí oṣù kẹrin ọdún, tí ilẹ̀ sì tutù, àwọn ìgbín tí wọ́n ti sé ara wọn mọ́ inú ìkarahun láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn a tún jáde. Ní Ponyan àti ní àwọn abúlé tí ó yí i ká, àkókò ìgbín ni èyí: a ó gbé àtùpà, a ó gbé agbọ̀n, a ó sì gba etí odò àti abẹ́ igi kòkó lọ. Ṣùgbọ́n ohun kan wà tí ọ̀pọ̀ ẹni tí ń ṣa ìgbín kì í rò. Òru tí ìgbín jáde láti jẹun, òun náà ni ó jáde láti wá ẹnìkejì rẹ̀, àti láti wá ibi tí yóò yé ẹyin sí. Ẹni tí ó bá ṣà á tán ní àkókò náà, kì í ṣe ìgbín ọdún yìí nìkan ni ó kó sínú agbọ̀n. Ó kó ti ọdún tí ń bọ̀ pẹ̀lú rẹ̀.

Iná ẹ̀ẹ̀rùn ni ọ̀tá kejì. Ìgbín tí ó sùn lábẹ́ ewé gbígbẹ kò ní ẹsẹ̀ tí yóò fi sá. Ibi tí iná bá bá a ni yóò jóná sí. Nítorí ohun méjèèjì yìí, àti nítorí igbó tí a ń ṣán sí i fún oko lọ́dọọdún, ìgbín ti di ọ̀wọ́n ní ọ̀pọ̀ ibi ní Nàìjíríà tí ó ti pọ̀ rí. Ohun tí yóò ṣe àtúnṣe rẹ̀ kò jìnnà sí àgbẹ̀, kò sì gba owó púpọ̀. Ó tó kí ó mọ bí ìgbín ti ń yé ẹyin, kí ó sì mọ ohun tí ẹyin náà ń fẹ́ kí ó tó lè pa.

IRÚ ÌGBÍN ÀTI ẸYIN WỌN

Irú ìgbín ńlá tí a ń jẹ pọ̀, ṣùgbọ́n mẹ́ta ni ó yẹ kí àgbẹ̀ lè dá mọ̀ yàtọ̀ sí ara wọn, nítorí pé ẹyin wọn kò rí bákan náà.

Èkíní ni ìgbín ńlá tí ìdí ìkarahun rẹ̀ rí roboto, tí kò ṣe ṣóńṣó. Àwọn onímọ̀ ń pè é ní Archachatina marginata. Ẹyin rẹ̀ kò pọ̀. Nígbà púpọ̀, láàrin 4 sí 10 ni ó ń yé lẹ́ẹ̀kan, nígbà mìíràn ó lè lé díẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹyin náà tóbi. Gígùn rẹ̀ ju ìdajì ínṣì lọ, èèpo rẹ̀ sì le bí ti ẹyin ẹyẹ. Bí ọ̀sẹ̀ 4 sí 6 ni ó fi ń wà nínú ilẹ̀ kí ó tó pa.

Èkejì ni èyí tí ìdí rẹ̀ ṣe ṣóńṣó, tí ìlà dúdú àti ìlà pupa rúsúrúsú sì wà lára ìkarahun rẹ̀ bí ara ẹkùn. Achatina achatina ni orúkọ rẹ̀ lọ́dọ̀ àwọn onímọ̀, òun sì ni a kà sí ìgbín orí ilẹ̀ tí ó tóbi jù lọ ní gbogbo ayé. Ẹyin rẹ̀ kéré, kò ju hóró àgbàdo lọ, ṣùgbọ́n ó pọ̀: ó lè yé ju 100 lọ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ọ̀sẹ̀ 2 sí 3 ni ó sábà máa ń gbà kí wọ́n tó pa.

Ẹ̀kẹta kéré jù wọ́n lọ, ìkarahun rẹ̀ sì tẹ́ẹ́rẹ́. Ìlà-Oòrùn Áfíríkà ni ó ti wá. Achatina fulica ni wọ́n ń pè é. Ẹyin rẹ̀ pọ̀ lọ́pọ̀lọpọ̀, ó sì máa ń yé ju ìgbà kan lọ nínú ọdún. Irú èyí ni ó ti di àjàkálẹ̀ fún oko ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀ tí a gbé e lọ, gẹ́gẹ́ bí a ó ti sọ níwájú.

AKỌ ÀTI ABO NÍNÚ ARA KAN

Nínú adìyẹ àti nínú ewúrẹ́, ọ̀tọ̀ ni akọ, ọ̀tọ̀ ni abo. Ìgbín kò rí bẹ́ẹ̀. Ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ni ó ní ohun akọ àti ohun abo nínú ara rẹ̀. Síbẹ̀, ìgbín kan ṣoṣo kì í sábà tó fún iṣẹ́ náà; méjì ni ó ń pàdé ara wọn lóru, nínú ọ̀rinrin, wọn a sì wà pọ̀ fún wákàtí púpọ̀. Nígbà tí wọ́n bá pínyà, àwọn méjèèjì lè yé ẹyin. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ sin ìgbín kò ní láti máa wá akọ kiri láti fi bá abo lọ. Kí ó ṣá ti kó méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ pọ̀, kí gbogbo wọn jẹ́ irú kan náà, kí wọ́n sì ti dàgbà. Ìgbín ńlá tí a ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí kì í sábà yé ẹyin kí ó tó pé nǹkan bí ọdún kan.

Ohun mìíràn tún wà tí ó máa ń ya ènìyàn lẹ́nu. Ìgbín lè fi irúgbìn akọ pamọ́ sínú ara rẹ̀ fún oṣù púpọ̀ lẹ́yìn tí ó ti kúrò lọ́dọ̀ ẹnìkejì rẹ̀. Bí obìnrin kan bá ra ìgbín kan ní ọjà, tí ó fi í sínú ìkòkò ní ẹ̀yìn ilé, tí ó sì rí ẹyin lábẹ́ rẹ̀ lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, kí ó má ṣe rò pé ohun àràmàǹdà ni. Kí ó tọ́jú ẹyin náà ni.

ILẸ̀ NI Ó Ń SÀBA

Adìyẹ a máa sàba lé ẹyin rẹ̀. Ìgbín kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tí àkókò rẹ̀ bá tó, a gbẹ́ ihò sínú ilẹ̀ rírọ̀, ìwọ̀n ínṣì díẹ̀ sí ìsàlẹ̀, a yé ẹyin sí i, a sì bá tirẹ̀ lọ. Kò tún padà wá wò ó mọ́. Láti ọjọ́ náà lọ, ilẹ̀ ni ìyá tí ń sàba lé e. Ilẹ̀ ni ó ń fún un ní ọ̀rinrin, tí ó ń bò ó kúrò lọ́wọ́ oòrùn, tí ó sì ń mú kí ooru ọ̀sán àti òtútù òru má ṣe pọ̀ jù fún un.

Bí a bá ti mọ èyí, a ti mọ ohun tí ó ṣòro jù nínú gbogbo iṣẹ́ náà. Ẹyin ìgbín tí kò pa, nígbà púpọ̀ kì í ṣe ìgbín ni ó ní àléébù, ilẹ̀ ni. Bí ilẹ̀ bá gbẹ, omi inú ẹyin a fà lọ, ọmọ a sì kú sínú èèpo. Bí ilẹ̀ bá kún fún omi, afẹ́fẹ́ kò ní lè dé ibẹ̀, ẹyin a sì jẹrà. Ilẹ̀ amọ̀ kò dára, nítorí pé ó máa ń di omi mú ní ìgbà òjò, ó sì máa ń le bí àpáta ní ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn. Iyanrìn lásán kò dára, nítorí pé kì í mú omi dúró. Ilẹ̀ dúdú ọlọ́ràá tí iṣu, kókò àti ewébẹ̀ ń ṣe dáadáa lórí rẹ̀ ni ẹyin ìgbín ń fẹ́. Irú rẹ̀ kò ṣọ̀wọ́n ní etí odò àti lábẹ́ igi kòkó.

ILÉ ÌGBÍN

Àpótí pákó tí ó ga tó ẹsẹ̀ bàtà kan ààbọ̀ tó fún ìbẹ̀rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ pákó ìrókò tàbí àpá, ikán kò ní tètè jẹ ẹ́. Kí a lu ihò wẹ́wẹ́ sí ìdí rẹ̀ kí omi lè máa jáde. Kí a sá ilẹ̀ ọlọ́ràá gbígbẹ sínú oòrùn kí kòkòrò inú rẹ̀ lè kú, kí a wá bu ún sínú àpótí náà ní ìwọ̀n ínṣì 8, kí a fi omi rin ín, kí a sì fọ́n ewé gbígbẹ lé e lórí. Àwọ̀n onírin ni kí a fi ṣe ìdérí, nítorí pé ìgbín lágbára ju bí ojú ti rò lọ. Yóò gbé ìdérí fúyẹ́fúyẹ́ kúrò, yóò sì lọ. Abẹ́ igi tàbí abẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni kí a gbé àpótí náà sí, kì í ṣe inú oòrùn.

Ẹni tí ó bá ní àpótí dígí tí wọ́n fi ń sin ẹja tẹ́lẹ̀ lè lò ó bákan náà láìbu omi sí i: kí ó fi òkúta wẹ́wẹ́ sí ìsàlẹ̀, kí ó bu ilẹ̀ lé e. Àǹfààní dígí ni pé nígbà mìíràn ìgbín a yé ẹyin sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, àwọn ọmọ ilé a sì lè fi ojú ara wọn rí bí ó ti ń pa. Ewu rẹ̀ ni pé omi kò rí ibi jáde. Nítorí náà ọwọ́ ni kí a fi máa wọ́n omi sí i, kí a má ṣe dà á.

BÍ A TI Ń TỌ́JÚ ẸYIN

1. Ní ìgbà òjò, kí a máa yẹ ilẹ̀ inú àpótí wò lẹ́ẹ̀kan lọ́sẹ̀. Ìka ni kí a fi máa wá a jẹ́jẹ́, kì í ṣe ọ̀bẹ tàbí igi.

2. Bí a bá rí ẹyin, síbí ni kí a fi bù ú pẹ̀lú ilẹ̀ díẹ̀. Kí a má ṣe fọ̀ ọ́. Kí a má ṣe yí i sí òdìkejì. Bí ó ti wà nínú ihò rẹ̀ ni kí ó wà ní ibi tuntun. Kí ọwọ́ tí ó bá fara kàn án má ṣe ní iyọ̀ tàbí epo.

3. Kí a gbé e sínú ike tàbí agbada kékeré tí ìdí rẹ̀ ní ihò, tí ilẹ̀ ọlọ́ràá tútù wà nínú rẹ̀. Kí a bo ẹyin ní ìwọ̀n ínṣì kan, kí a sì fi ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ tàbí àpò tútù bo ojú rẹ̀.

4. Kí a kọ ọjọ́ náà sí ẹ̀gbẹ́ àwo, tàbí kí a sàmì sí i nínú kàlẹ́ńdà tí ó wà lára ògiri. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó ti da ẹyin rere nù ní ọ̀sẹ̀ kẹta nítorí pé wọ́n rò pé ó ti bàjẹ́, nígbà tí ó kù ọ̀sẹ̀ kan péré kí ó pa.

5. Lójoojúmọ́ kí a fi ìka kan ilẹ̀ náà. Bí a bá fún un ní àtẹ́lẹwọ́, tí ó dì mọ́ ara rẹ̀ tí omi kò sì kán, ó tó. Bí omi bá kán, ó ti pọ̀ jù. Bí ó bá tú ká, kí a wọ́n omi díẹ̀ sí i.

6. Kí a má ṣe máa hú u wò ní gbogbo ìgbà. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ni ìgbín fi ń gun igi. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ náà ni ẹyin rẹ̀ fi ń di ọmọ.

ÀWỌN ỌMỌ ÌGBÍN

Ọmọ ìgbín kì í jáde láìní ilé. Tòun ti ìkarahun rẹ̀ ni ó fi ń jáde nínú ẹyin, bí ó tilẹ̀ tinrín tó bẹ́ẹ̀ tí ìka lè fọ́ ọ. Oúnjẹ rẹ̀ àkọ́kọ́ ni èèpo ẹyin tí ó ti jáde, nítorí pé ohun tí a fi ṣe èèpo náà ni yóò fi mú ìkarahun rẹ̀ le. Nígbà mìíràn, bí ebi bá pa á, a máa jẹ ẹyin tí kò tíì pa pẹ̀lú. Ó lè wà nínú ilẹ̀ fún ọjọ́ díẹ̀ kí ó tó yọ sí òkè. Nítorí náà kí a má ṣe yára tú ilẹ̀ náà.

Nígbà tí ó bá yọ, ewé ìbẹ́pẹ, ewé ilá àti ewé kókò ni kí a fún un, àti ìbẹ́pẹ tàbí ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí ó pọ́n. Kí a má ṣe fún un ní ewé ẹ̀gẹ́ tí ó korò. Ewé tí a já láti inú oko kòkó tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ fín oògùn sí yóò pa gbogbo wọn ní òru kan. Kí a gún èèpo ẹyin adìyẹ kúnná, kí a máa bù ú sí ẹ̀gbẹ́ oúnjẹ wọn; ọmọ tí kò bá rí i jẹ, ìkarahun rẹ̀ kò ní le, kò sì ní dàgbà dáadáa. Iyọ̀ kò gbọ́dọ̀ kan oúnjẹ wọn rárá, nítorí pé ikú ni iyọ̀ jẹ́ fún ìgbín. Oúnjẹ tí ó bá ṣẹ́kù ni kí a máa kó kúrò ní òwúrọ̀ kí ó má baà jẹrà.

Kí a má ṣe kó wọn jọ jù. Ibi tí ìgbín bá há mọ́ra, wọn a rán, wọn kì í sì yé ẹyin bí ó ti yẹ. Ìjàlọ ni ọ̀tá wọn tí ó burú jù. Ẹgbẹ́ ìjàlọ kan lè jẹ gbogbo àpótí tán kí ilẹ̀ tó mọ́. Nítorí náà kí ẹsẹ̀ mẹ́rin wà lábẹ́ àpótí, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan sì dúró nínú agolo tí a bu epo ẹ̀rọ tí a ti lò tán sí. Eku, alángbá, ejò àti adìyẹ náà a máa jẹ wọ́n; àwọ̀n ni yóò dá wọn dúró.

OHUN TÍ ẸYIN ÌGBÍN ṢE NÍ ILẸ̀ MÌÍRÀN

Ohun tí àgbẹ̀ ilẹ̀ Yàgbà ń wá, àwọn ẹlòmíràn ń sá fún un. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn ìdílé kan àti àwọn ilé-ẹ̀kọ́ kan ń sin ìgbín Áfíríkà nínú àpótí dígí, kì í ṣe fún jíjẹ bí kò ṣe fún wíwò. Nígbà tí ẹyin bá pọ̀ jù, wọn a fi í sínú ẹ̀rọ tí ń sọ omi di yìnyín kí ó má baà pa.

Ní ọdún 1966, ọmọ kan mú ìgbín 3, irú tí a kà ṣe ẹ̀kẹta lókè, láti Hawaii wá sí ìlú Miami ní Amẹ́ríkà. Ìyá rẹ̀ àgbà dà wọ́n sí ọgbà ẹ̀yìn ilé. Láàrin ọdún 7, àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba ti ṣa ju 18,000 lọ. Ó di ọdún 1975 kí wọ́n tó lè sọ pé ó ti tán, ó sì ná wọn ní ohun tí ó ju mílíọ̀nù dọ́là kan lọ. A tún rí irú rẹ̀ ní Miami ní ọdún 2011. Ọdún 10 ni wọ́n fi bá a jà, wọ́n sì ṣa ju 160,000 lọ, kí wọ́n tó kéde ní ọdún 2021 pé agbègbè náà ti mọ́. Ẹ̀kọ́ méjì ni ó wà níbẹ̀. Èkíní ni pé agbára ẹyin ìgbín kò kéré níbi tí ilẹ̀ bá gbà á. Èkejì ni pé ẹni tí ń lọ sí ìdálẹ̀ kò gbọ́dọ̀ gbé ìgbín ààyè tàbí ẹyin rẹ̀ lọ, àti pé irú tí ó ti òkèèrè wá kò gbọ́dọ̀ di ohun tí a ń dà sínú oko.

ÌGBÍN ODÒ ÀTI ÌLERA ARA

Kí òbí má ṣe jẹ́ kí ọmọ fi ìgbín odò ṣe ọ̀kan náà pẹ̀lú ìgbín orí ilẹ̀. Àwọn ìgbín kéékèèké kan wà nínú odò, nínú adágún àti nínú omi ìdídò. Inú ohun kan tí ó rí bí oje tí ó ń yọ̀ ni ẹyin wọn wà, wọn a sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀yìn ewé omi àti ara òkúta. Ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ 1 sí 2, ó ti pa. Nínú irú ìgbín bẹ́ẹ̀ ni aràn àrùn ìtọ̀ ẹlẹ́jẹ̀, tí àwọn kan ń pè ní àtọ̀sí ajá, ti ń dàgbà. Theodor Bilharz, oníṣègùn ará Jámánì, ni ó rí aràn náà ní ìlú Cairo ní ọdún 1851. Ní ọdún 1915 ni Robert Leiper fi hàn ní Íjíbítì pé inú ìgbín odò ni ó ti ń gbà kí ó tó wọ ara ènìyàn.

Báyìí ni ó ti rí. Ìgbín odò kì í bí àrùn náà mọ́ ẹyin rẹ̀. Ènìyàn ni ó ń gbé e fún un. Ẹni tí ó ní àrùn a tọ̀ sínú odò. Ẹyin aràn inú ìtọ̀ náà a pa, ọmọ rẹ̀ a wọ inú ìgbín, a pọ̀ sí i níbẹ̀, a jáde sínú omi, a sì gba awọ ara wọ inú ọmọ tí ó ń wẹ̀. Nítorí náà, kí a má ṣe tọ̀ tàbí ṣu sínú odò tàbí sí etí rẹ̀. Kí ọmọdé má ṣe kó ìgbín odò sínú ìgò omi láti fi ṣeré. Ọmọ tí ìtọ̀ rẹ̀ bá ní ẹ̀jẹ̀, kí a má ṣe fi í ṣe ẹ̀rín tàbí ohun ìtìjú. Àrùn náà a máa ba àpòòtọ̀ àti kíndìnrín jẹ́ bí ó bá pẹ́. Oògùn rẹ̀ wà, praziquantel ni orúkọ rẹ̀, ilé ìwòsàn ni a sì ti ń gbà á ní ìwọ̀n tí ó bá ara ọmọ mu.

Ìgbín orí ilẹ̀ pẹ̀lú lè ní aràn nínú ara rẹ̀. Kí a bọ̀ ọ́ dáadáa kí a tó jẹ ẹ́, kí ẹni tí ó bá sì fọwọ́ kan ìgbín tàbí ilẹ̀ inú àpótí rẹ̀ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ kí ó tó fọwọ́ kan oúnjẹ.

ÌṢIRÒ KÉKERÉ

Ìgbín 5 tí ó bá wọ inú ìkòkò, ọbẹ̀ ọjọ́ kan ni. Bí àgbẹ̀ bá dá 5 sí nínú àwọn tí ó ṣà ní òjò àkọ́rọ̀, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan sì yé ẹyin 8 lẹ́ẹ̀kan péré, ẹyin 40 ni. Bí ìdajì bá tilẹ̀ ṣòfò, ọmọ 20 ni ó ṣẹ́kù, àwọn ìyá 5 sì wà láàyè. Kí ó dá díẹ̀ nínú àwọn ọmọ náà padà sí etí odò tí ó ti ṣa àwọn ìyá wọn, kí ó sì la ọ̀nà iná yí ibẹ̀ ká kí ẹ̀ẹ̀rùn tó dé. Bí ilé mẹ́wàá ní abúlé kan bá ṣe bẹ́ẹ̀ ní ọdún yìí, àwọn ọmọ wọn yóò tún gbé àtùpà jáde ní òru òjò àkọ́rọ̀, wọn kò sì ní gbé agbọ̀n òfìfo padà wálé.